Ṣòkòtò Àgbàbọ̀

Àwọn àgbà ní ṣòkòtò àgbàbọ̀ kì í yẹ ọmọ ènìyàn: bí kò fún ni lẹ́sẹ̀, á ṣo ni, rẹ́múrẹ́mú lohun ẹni ń bá ni mu. Àwọn ọmọ SS2 ìlú Ìlọrin wà lára àwọn tí òwe yìí ń bá wí lónìí.

Yunifọ́ọ̀mù ló yẹ kó sọ ọmọ olówó àti ọmọ aláta ọjà Ìpàtà di ọgbọọgba. Ṣùgbọ́n bàtà ń fọhùn, fóònù inú báàgì ń fọhùn, òyìnbó tí wọ́n ń fọnẹ́ náà ń fọhùn. Ibẹ̀ ni wọ́n ti ń mọ ẹni tó wà nínú ẹgbẹ́ àti ẹni tí wọn ò kà sí.

Àpò ni ṣòkòtò yìí ti kọ́kọ́ ń fún ni. Ọmọ á fi owó lẹ́sìn ra ohun tí ẹgbẹ́ ń rà, á wá máa pa irọ́ mọ́ irọ́ nílé. Ìwà ló ti ń ṣò: á máa fi ẹni tí kò ṣẹ̀ ẹ́ ṣe yẹ̀yẹ́, torí pé àwọn gbajúmọ̀ kíláàsì ń rẹ́rìn-ín.

Kì í ṣe agọ̀ ló ń ṣe é. Ní 1951, Solomon Asch, onímọ̀ ìhùwàsí ẹ̀dá ní Amẹ́ríkà, ní kí àwọn ọ̀dọ́ tọ́ka sí ìlà tó gùn tó ìlà kan. Ó ti bá àwọn yòókù nínú yàrá mulẹ̀ pé kí wọ́n jọ ṣì í. Nínú ẹni 4 tó dán wò, bíi 3 ló bá wọn ṣì í, ó kéré tán lẹ́ẹ̀kan. Ṣùgbọ́n nígbà tí ẹyọ ẹnì kan nínú wọn bá sọ òótọ́, àṣìṣe náà á dín kù gidigidi. Ọ̀rẹ́ kan tó mọ ilé ẹni, tí kò sì fi ẹni tijú, tó bẹ́ẹ̀.

Rẹ́múrẹ́mú ńkọ́? Ọmọ tó ń sá pamọ́ ní kíláàsì lè jókòó láàárín èrò lọ́jọ́ wólímọ̀, kó ka Kùránì láìwárìrì. Kò yá ìyẹn lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni; ọdún pípẹ́ ní ilé kéú ló fi rán an.

Àwa òbí náà ńkọ́, tá à ń jẹ gbèsè nítorí aṣọ ẹbí? Ọmọ tó rí ìyá rẹ̀ lóde ìnáwó nínú aṣọ èṣí, tí wọ́n sì kí i tọ̀wọ̀tọ̀wọ̀, ti gbọ́ òwe yìí ká tó pa á.