Ta Ni Onílé Nínú Ẹgbẹ́ Masu Gida?

Odò tí ó bá gbàgbé orísun rẹ̀, gbígbẹ ni yóò gbẹ. Bí ọ̀rọ̀ odò ti rí, bẹ́ẹ̀ náà ni ọ̀rọ̀ ẹgbẹ́ agbábọ́ọ̀lù. Ẹni tí ó bá gba Ọ̀nà Yorùbá kọjá ní Sabon Gari, Kano, ní ọ̀sán Sátidé, yóò rò pé ọjọ́ ọdún ni. Aṣọ pupa ti Arsenal wà lọ́rùn ọmọdé, ó wà lọ́rùn àgbà. Ti Manchester United àti ti Chelsea náà kò gbẹ́yìn. Nínú ilé ìwòran tí àwọn ènìyàn ti ń sanwó wo bọ́ọ̀lù lórí tẹlifíṣọ̀n, ọ̀dọ́mọkùnrin tí kò tí ì dé Èkó rí yóò máa ka ìtàn Arsenal bí ẹni ń ki oríkì ìdílé baba rẹ̀: ọdún tí wọ́n dá a sílẹ̀, ọdún tí wọ́n kó dé Highbury, àti bí wọ́n ti gbá eré líìgì 38 ní sáà 2003 sí 2004 láìsí ẹni tí ó borí wọn. Ṣùgbọ́n bí ènìyàn bá bi ọ̀dọ́mọkùnrin kan náà pé ẹgbẹ́ Kano wo ni ó gba líìgì Nàìjíríà ní ọdún 1978, ẹnu rẹ̀ yóò wọhò.

Kì í ṣe ẹ̀ṣẹ̀ láti fẹ́ràn Arsenal. Kanu Nwankwo gbá bọ́ọ̀lù fún wọn láti 1999 títí di 2004. Bukayo Saka, ọmọ Yorùbá tí wọ́n bí sí London, sì dàgbà nínú ẹgbẹ́ náà láti kékeré. Ohun tí ó ń kọni lóminú ni pé kí ènìyàn mọ ìtàn ilé òkèèrè dunjú, kí ó má sì mọ ìtàn ilé tí ó ń gbé.

Ìtàn Arsenal pàápàá ní ẹ̀kọ́ nínú fún Kano. Kì í ṣe ọlọ́lá, kì í sì í ṣe ìjọba, ni ó dá ẹgbẹ́ náà sílẹ̀ ní 1886. Àwọn òṣìṣẹ́ ilé iṣẹ́ ohun ìjà ọba ní Woolwich, ní London, ni. Àwọn mẹ́ẹ̀ẹ́dógún dá sísì kọ̀ọ̀kan, David Danskin, ọmọ ilẹ̀ Scotland, fi ṣílè mẹ́ta kún un, iṣẹ́ sì bẹ̀rẹ̀. Wọn kò ní aṣọ eré. Ẹgbẹ́ Nottingham Forest ni ó ta wọ́n lọ́rẹ aṣọ pupa, pupa náà ni wọ́n sì fi ń dá wọn mọ̀ di òní. Dial Square ni orúkọ wọn àkọ́kọ́. Ó di Royal Arsenal, ó tún di Woolwich Arsenal. Ní 1913 wọ́n ré odò Thames kọjá lọ sí Highbury, ní 2006 wọ́n sì kó lọ sí pápá tí ó ń jẹ́ orúkọ ilé iṣẹ́ ọkọ̀ òfurufú Emirates. Láti 2018, ọwọ́ olówó Amẹ́ríkà kan, Stan Kroenke, ni gbogbo ìpín ìdókòwò ẹgbẹ́ náà wà. Orúkọ yí padà, ilé yí padà, olówó yí padà. Síbẹ̀ àgbá ogun tí ó wà lára àmì wọn ṣì ń sọ fún ọmọ tuntun pé ọmọ òṣìṣẹ́ ilé ohun ìjà ni wọ́n. Owó nìkan kọ́ ni ó ṣe èyí. Àwọn ènìyàn tí wọn kò jẹ́ kí ìtàn náà parẹ́ ni ó ṣe é.

Kano náà kò ṣàì ní ìtàn tirẹ̀. Ní 1953, ẹgbẹ́ tí ó ṣojú Kano ni ó gba ife-ẹ̀yẹ Challenge Cup gbogbo Nàìjíríà. Ní 1978, nígbà tí Rangers ti Enugu, Shooting Stars ti Ìbàdàn àti Bendel Insurance ti Benin jẹ́ ọ̀gá lórí pápá, Raccah Rovers ti Kano ni ó borí gbogbo wọn tí ó sì gba líìgì. Raccah jẹ́ orúkọ tí gbogbo Kano mọ̀ mọ́ òwò ẹ̀pà, ní ìgbà tí àpò ẹ̀pà tí wọ́n tò gogoro bí òkè jẹ́ ìran àpéwò ní ìlú náà. Ìgbà ẹ̀pà lọ, Raccah Rovers náà sì lọ. Kò sí i nínú líìgì mọ́, àwọn tí wọ́n sì lè fi ojú inú rí eré rẹ̀ ń dín kù lọ́dọọdún.

Kí ẹnikẹ́ni má ṣe rò pé Kano nìkan ni irú èyí ti ṣẹlẹ̀. Ní Ìbàdàn, ilé iṣẹ́ Leventis gbé Leventis United dìde. Ẹgbẹ́ náà gba Challenge Cup ní 1984 àti 1986, ó sì gba líìgì ní 1986 kan náà. Kò pẹ́ lẹ́yìn náà tí ilé iṣẹ́ náà fi tú u ká. Ní Abẹ́òkúta, Abiola Babes, ẹgbẹ́ Olóyè M.K.O. Abíọ́lá, gba ife náà ní 1985 àti 1987. Òun náà ti di ìtàn. Àwọn olówó wọ̀nyí ṣe oore, ó sì yẹ kí á dúpẹ́ lọ́wọ́ wọn. Ṣùgbọ́n ẹgbẹ́ tí ó bá gbé inú àpò ẹnì kan, ọjọ́ tí àpò náà bá lu ni ẹgbẹ́ náà yóò jábọ́.

Àwọn kan yóò ní ìdí rẹ̀ nìyí tí ó fi dára kí ìjọba ni ẹgbẹ́. Òótọ́ wà nínú ọ̀rọ̀ náà. Owó ìjọba ni ó gbé Shooting Stars dé ibi tí ó fi jẹ́ ẹgbẹ́ Nàìjíríà àkọ́kọ́ tí ó gba ife-ẹ̀yẹ ilẹ̀ Áfíríkà, ní 1976. Ṣùgbọ́n bí àjọ ìjọba tí ó ń bọ́ ẹgbẹ́ náà ti ń yí padà ni orúkọ rẹ̀ ń yí padà: ó jẹ́ WNDC, ó jẹ́ IICC, kí ó tó di 3SC. Ìjọba kì í kú bí olówó. Ìṣesí rẹ̀ ni kì í dúró lójú kan. Èyí tí ó wọlé lónìí lè fẹ́ràn bọ́ọ̀lù, kí èyí tí ó ń bọ̀ lọ́la má fẹ́ràn rẹ̀.

Ibi tí ọ̀rọ̀ ti kan Kano Pillars nìyí. Ní 1990 ni wọ́n da ẹgbẹ́ mẹ́ta pọ̀ di ọ̀kan: WRECA, Golden Stars àti ti Bank of the North. Pillars túmọ̀ sí òpó. Ṣùgbọ́n Masu Gida ni àwọn Hausa ń pè é, èyí tí í ṣe àwọn onílé. Onílé náà sì ṣe bí onílé. Ó gba líìgì ní 2008, ó sì gbà á léra léra ní 2012, 2013 àti 2014. Ní 2009 ó dé ìpele tí ó ṣáájú àṣekágbá nínú ìdíje àwọn ẹgbẹ́ tí ó gba líìgì ní Áfíríkà. Nínú ẹgbẹ́ yìí ni Ahmed Musa ti gbá góòlù 18 wọlé ní sáà 2009 sí 2010 kí ó tó gba ilẹ̀ Netherlands lọ. Nígbà tí ó yá ó dé Leicester City ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ní 2018 ó sì gbá góòlù méjì sínú àwọ̀n Iceland nínú ìdíje Ife Àgbáyé. Ní 2021 ó padà wá wọ aṣọ Pillars.

Onílé náà ti rí ìdààmú pẹ̀lú. Ní àṣekágbá 2018, Pillars ti fi góòlù mẹ́ta ṣíwájú Rangers kí Rangers tó dá gbogbo rẹ̀ padà, tí ó sì fi pẹnáritì gba ife lọ. Pillars gba ife náà ní ọdún kejì, 2019. Ṣùgbọ́n ní 2022 ó já kúrò ní líìgì àgbà, ó sì di 2023 kí ó tó padà. Ìjọba Ìpínlẹ̀ Kano ni ó ni ẹgbẹ́ náà. Bí òpó bá mì, alálẹ̀bí ilé ń pariwo, ṣùgbọ́n kò ní àṣẹ láti fọwọ́ kan òpó náà. Nígbà náà, ta ni onílé?

Ó yẹ kí á gbọ́ ohun tí ó ṣẹlẹ̀ sí Wimbledon. Ní 1988 ẹgbẹ́ kékeré yìí, tí John Fashanu tí baba rẹ̀ jẹ́ ọmọ Nàìjíríà wà nínú rẹ̀, borí Liverpool, ó sì gba ife-ẹ̀yẹ FA ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì. Ní 2002 àwọn tí ó ni ín gba àṣẹ láti gbé e kúrò ní London lọ sí Milton Keynes. Àwọn alátìlẹ́yìn kò bá a lọ. Wọ́n dá owó jọ, wọ́n pe àwọn ọ̀dọ́ síta fún ìdánwò, wọ́n sì dá AFC Wimbledon sílẹ̀ ní ìpele kẹsàn-án. Ní 2011 wọ́n wọ inú líìgì ńlá padà. Ní 2020 wọ́n padà sí àdúgbò wọn ní Plough Lane. Ọwọ́ àwọn alátìlẹ́yìn ni ẹgbẹ́ náà ṣì wà. Àwọn tí wọ́n ní ìwé ni ó gbé ẹgbẹ́ lọ. Àwọn tí wọ́n ní ìtàn ni ó jogún rẹ̀.

Àwọn kan ní Sabon Gari yóò ní àlejò kì í jẹ́ onílé. Lóòótọ́, àlejò ni Sabon Gari wà fún nígbà tí wọ́n tẹ̀ ẹ́ dó. Reluwé dé Kano ní 1911, ó kó akọ̀wé, oníṣòwò àti oníṣẹ́ ọwọ́ wá láti ìhà gúúsù, àwọn Gẹ̀ẹ́sì sì fún wọn ní ibùdó lẹ́yìn odi ìlú. Ìlú Titun ni wọ́n ń pè é. Ṣùgbọ́n ọmọ tí wọ́n bí síbẹ̀, tí wọ́n bí baba rẹ̀ síbẹ̀, ìlú wo ni yóò tún máa pè ní titun? Ẹni tí ó lè sọ pé òun ni òun ni Arsenal, tí kò fojú kan London rí, kò yẹ kí ó máa tijú láti sọ pé òun ni òun ni Pillars, tí pápá Sani Abacha ní Kofar Mata kò jìnnà sí ẹnu ọ̀nà rẹ̀.

Ohun tí ó yẹ kí ó ṣẹlẹ̀ kò ju agbára Kano lọ. Kí ìjọba má kọ ẹgbẹ́ náà sílẹ̀, ṣùgbọ́n kí ó ya ìpín kan sọ́tọ̀ fún àwọn ará ìlú, kí ẹni tí ó bá san owó ọmọ ẹgbẹ́ ní ìbò, kí wọ́n yan aṣojú sínú ìgbìmọ̀ alákòóso, kí wọ́n sì máa ka ìṣirò owó sí gbangba lọ́dọọdún. Kí wọ́n kọ ìtàn 1953, ti Raccah Rovers àti ti Pillars sílẹ̀ ní èdè Hausa, Yorùbá àti Igbo, kí ó sì wà ní pápá ìṣeré fún ọmọ ilé ìwé láti kà. Kí èyí má pẹ́, nítorí ẹni tí ó jẹ́ ọmọ ogún ọdún ní 1978 ti ń sún mọ́ àádọ́rin. Kí àwọn ará Sabon Gari náà máa ra tíkẹ́ẹ̀tì, nítorí kò sí ẹni tí ó di onílé láti ojú fèrèsé.

Ẹni tí ó bá sọ pé owó kò sí, kí ó rántí àwọn ará Woolwich. Wọn kì í ṣe olówó. Sísì mẹ́ẹ̀ẹ́dógún àti ṣílè mẹ́ta ni wọ́n kó jọ, òun ni gbogbo Sabon Gari sì ń wọ̀ sọ́rùn lónìí.