Ó Yẹ Kí Minna Ka Ìwé Ọmọ Rẹ̀

Ìlú Minna, olú ìlú Ìpínlẹ̀ Niger, ni wọ́n ti bí Ben Okri lọ́dún 1959. Lọ́dún 1991, ìwé ìtàn rẹ̀, The Famished Road, gba ẹ̀bùn Booker nílẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì.

Àbíkú ni Azaro tó ń sọ ìtàn náà, ayé kì í sì í dúró sójú kan lójú rẹ̀. Odò àtijọ́ ti di ọ̀nà, ebi ò sì tán nínú ọ̀nà ọ̀hún. Àwọn iwin ń mu ẹmu ní ṣọ́ọ̀bù Madame Koto, wọ́n ti yá ẹ̀yà ara èèyàn wọ̀.

Ọmọ Urhobo ni bàbá Okri, ṣùgbọ́n èwo nínú èyí ló ṣàjèjì sí Yorùbá? Ṣebí àdúrà arìnrìn-àjò ni pé ká má rìn lọ́jọ́ tí ebi ń pa ọ̀nà. Nínú ìwé tí Amos Tutùọlá gbé jáde lọ́dún 1952, ọkùnrin arẹwà kan háyà ẹsẹ̀, ọwọ́ àti awọ ara. Bó ṣe ń wọgbó lọ ló ń dá wọn padà, tó ń sanwó, títí ó fi ku agbárí nìkan.

Àwọn kan á ní àlá lásán ni. Irọ́ ni! Nínú ìwé Okri kan náà, ẹgbẹ́ òṣèlú àwọn olówó pín mílíìkì fún mẹ̀kúnnù, àwọn tó mu ún sì ń bì kiri àdúgbò. Ta ni ò mọ irú ẹ̀bùn ìbò bẹ́ẹ̀?

Kí àwọn iléèwé Minna máa kà á. Kí àwọn onímọ̀ Yorùbá náà sì túmọ̀ rẹ̀, bí Wọlé Ṣóyínká ṣe túmọ̀ Ògbójú Ọdẹ Fágúnwà sí Gẹ̀ẹ́sì lọ́dún 1968.