Ta Ló Yìnbọn ní Thiaroye?

 Gbogbo wa la mọ ohun tí àwọn òkè Ìdáàṣà ṣe fún àwọn baba ńlá wa. Ní ọ̀rúndún kọkàndínlógún, nígbà tí àwọn ọmọ ogun Dàhòmì ń kó ẹrú káàkiri, orí òkúta ni wọ́n sá sí. Láàárín ọdún 1892 sí 1894, Ọ̀gágun Dodds ṣẹ́gun Béhanzin, ìkónilẹ́rú náà sì dópin. Ṣùgbọ́n àwọn tó lé ọ̀tá wa lọ ni wọ́n jókòó tì wá, tí wọ́n di ọ̀gá wa. Ọmọ Saint-Louis ní Sẹ̀nẹ̀gàl ni Dodds fúnra rẹ̀, ọ̀pọ̀ nínú àwọn tó gbé ìbọn tẹ̀lé e sì jẹ́ adúláwọ̀ bíi tiwa.

Ìdí nìyí tí fíìmù Camp de Thiaroye fi kàn wá. Ousmane Sembène àti Thierno Faty Sow ló ṣe é ní ọdún 1988. Sembène ti ṣe ọmọ ogun Faransé rí nígbà Ogun Àgbáyé Kejì. Fíìmù náà sọ ìtàn àwọn tirailleur tí àwọn ará Jámánì kó lẹ́rú ogun, tí wọ́n padà sí Dakar ní ìparí ọdún 1944, tí wọ́n sì béèrè owó wọn. Láàárọ̀ ọjọ́ kìíní oṣù Kejìlá, wọ́n yìnbọn pa wọ́n nínú àgọ́ wọn. Ènìyàn 35 ni àwọn aláṣẹ kà. Ọ̀pọ̀ onímọ̀ ìtàn gbà pé àwọn tó kú pọ̀ jù bẹ́ẹ̀ lọ. Oríṣiríṣi ilẹ̀ ni àwọn ọmọ ogun náà ti wá, Dàhòmì pẹ̀lú.

Sembène kò fi ẹ̀bi àti àre pín ènìyàn ní àwọ̀ funfun àti dúdú. Diatta, olórí wọn, fẹ́ràn ìwé àti orin òyìnbó, ó sì fẹ́ obìnrin Faransé. Síbẹ̀ àwọn ọmọ ogun Faransé ti sun abúlé rẹ̀. Ọ̀gágun Raymond, òyìnbó, sọ òtítọ́, àwọn ẹgbẹ́ rẹ̀ kò gbọ́. Pays, tó ti Buchenwald dé tí kò lè sọ̀rọ̀ mọ́, ni ó kọ́kọ́ rí àwọn ọkọ̀ ogun onírin lóru. Àwọn ará rẹ̀ rò pé orí rẹ̀ ló dàrú.

Ohun kan sì wà tó ṣòro fún wa láti gbọ́: àwọn ọmọ ogun adúláwọ̀ wà lára àwọn tí wọ́n kó lọ yí àgọ́ Thiaroye ká. Sembène ti fi irú ọ̀rọ̀ yìí hàn nínú Emitaï ní 1971. Adúláwọ̀ ló ń ṣọ́ àwọn obìnrin Diola nínú oòrùn nítorí ìrẹsì. Wọ́n yọ àwòrán Pétain, wọ́n gbé ti de Gaulle kọ́. Ìrẹsì náà ni wọ́n ṣì ń béèrè.

Ìtàn bẹ́ẹ̀ ń ba àwọn Faransé náà lẹ́rù. Le Chagrin et la Pitié, tí Marcel Ophuls ṣe nípa àwọn tó bá Jámánì ṣe pọ̀, kò dé orí tẹlifíṣọ̀n wọn títí di 1981. Ìparí ọdún 2024 ni Ààrẹ Macron tó pe ọ̀rọ̀ Thiaroye ní ìpakúpa.

Bí ọmọdé bá ṣubú, a wo iwájú. Bí àgbà bá ṣubú, a wo ẹ̀yìn. Ní agbolé púpọ̀ nílẹ̀ wa, a máa ń fi baba tó jagun Faransé yangàn. Ẹ jẹ́ kí a béèrè síwájú sí i: níbo ló ti jà, ta ló dojú ìbọn kọ, ta ló jẹ ẹ́ lówó? Kí èwe kọ ìdáhùn náà sílẹ̀ bó ṣe rí, kó má fọ apá kan mọ́, kó má sì bo apá kejì. Àwọn tó lè dáhùn kò pọ̀ mọ́, wọn kò sì ní dúró dè wá.