Ó Di Ọ̀la, Bàbá

Àwọn àgbà ní bí ọmọdé bá ṣubú, a wo iwájú. Bí àgbà bá ṣubú, a wo ẹ̀yìn. Èmi ti ṣubú bí ọmọdé rí. Nígbà tí mo kọ́kọ́ gbé kámẹ́rà lọ sílé, ní Ùgbè-Àkókó, egúngún ni mo lọ yà. Bàbá mi àgbà ní kí n kọ́kọ́ tẹ̀ lé òun lọ sí ẹsẹ̀ òkè, kí òun fi ààlà oko wa hàn mí, kí n sì gbọ́ bí ilẹ̀ náà ṣe di tiwa. Mo ní, "Ó di ọ̀la, Bàbá." Ọ̀la yẹn kò dé. Kí n tó padà wálé, wọ́n ti sin Bàbá. Àwòrán egúngún wà lọ́wọ́ mi. Ẹni tó mọ ààlà oko kò sí mọ́.

Ẹ̀dùn yìí ló jẹ́ kí n fẹ́ràn iṣẹ́ Safi Faye, ọmọ ilẹ̀ Sẹ̀nẹ̀gàl. Dakar ni wọ́n bí i sí ní 1943, ṣùgbọ́n Fad'jal, abúlé àwọn Serer, ni ìdílé rẹ̀ ti wá. Iṣẹ́ olùkọ́ ló ń ṣe kí ó tó lọ sí Paris lọ kọ́ nípa àṣà àwọn ènìyàn àti nípa fíìmù ṣíṣe. Ní 1975 ó gbé Kaddu Beykat jáde; ohùn àgbẹ̀ ni ìtumọ̀ rẹ̀ ní èdè Wolof. Bíi lẹ́tà láti ilé ni fíìmù náà rí. Àwọn ará abúlé fúnra wọn ló wà nínú rẹ̀: wọ́n ń roko, wọ́n jókòó sábẹ́ igi, wọ́n ń sọ bí òjò ṣe kọ̀ tí kò rọ̀ àti bí ẹ̀pà títà ṣe kó wọn sí gbèsè. Ìtàn ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí kò rí owó fẹ́yàwó ló so gbogbo rẹ̀ pọ̀. Ní 1979 ó tún ṣe Fad'jal, níbi tí àwọn àgbà ti ń pìtàn ìlú fún ọmọdé, tí ọ̀rọ̀ òfin ilẹ̀ ti 1964, tó fi ilẹ̀ sábẹ́ ìjọba, sì ti jẹ yọ.

Àwọn kan yóò ní, ta ni yóò sanwó wo àgbẹ̀ lóko? Mo gbà pé ó lè má pa owó. Àwọn mìíràn yóò ní kámẹ́rà a máa tú àṣírí. Òótọ́ ni, n kò sì ní kí a ya ohun tí awo fi bò. Ṣùgbọ́n ta ló fi ìtàn ilẹ̀, òjò àti gbèsè ṣe awo? Ọjọ́ díẹ̀ ni ọdún egúngún. Iṣẹ́ oko ló ni ọjọ́ tó kù. Àwa tí à ń kọ́ Yorùbá kì í sì í sábà béèrè ti oko.

Ẹ̀yin olùkọ́ wa, ẹ̀yin akẹ́kọ̀ọ́ ẹgbẹ́ mi, fóònù tó ń ya fíìmù wà lápò wa. Ní ìsinmi tó ń bọ̀, kí olúkúlùkù mú àgbà kan lọ sí ibì kan: òkè, odò, ààlà oko. Ẹ jẹ́ kí ó fi ẹ̀ka-èdè tirẹ̀ sọ̀rọ̀, nítorí láti Ìkàrẹ́ dé Ọ̀kà nìkan, ohùn ti yí padà. Ẹ kọ orúkọ rẹ̀ àti ọjọ́ náà sílẹ̀. Bí ó bá sì gbà, kí ẹ̀dà kan wà ní ẹ̀ka ẹ̀kọ́ wa.

Safi Faye kú ní 2023, ṣùgbọ́n a ṣì ń gbọ́ ohùn àwọn àgbà Fad'jal. Bí àgbà yín bá ní kí ẹ jẹ́ ká lọ, ẹ dìde lọ́jọ́ náà.