Báńkì Gba Ilé Lọ́wọ́ Lánlọ́ọ̀dù: Kí Ni Ẹ̀tọ́ Ayálégbé L'Ékòó?

Lánlọ́ọ̀dù yá owó ní báńkì, ó fi ilé dógò. Owó ò rí san. Láàárọ̀ ọjọ́ kan, àwọn bélífù dé pẹ̀lú ọ̀dà pupa, wọ́n kọ ọ́ sára géètì pé ilé-ẹjọ́ ti gba ilé náà fún báńkì. Àwọn tó ń gbé inú ilé, tí wọ́n ti san owó ọdún kan, ò mọ nǹkan kan nípa gbèsè yìí. Onílé ti pa fóònù. Ajẹ́ńtì ní òun kọ́ lòun báwọn yáwó.

Ohun tí ọ̀pọ̀ ayálégbé máa ń ṣe nírú àkókò yìí ni kí wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í di ẹrù. Ó yẹ kí wọ́n rọra ná.

Ìbéèrè tó ṣe pàtàkì jù ni pé: èwo ló ṣáájú, ayálégbé ni àbí gbèsè? Bí ayálégbé bá ti wà nínú ilé kí onílé tó fi í dógò, báńkì bá a níbẹ̀ ni. Ẹ̀tọ́ tí onílé ní nìkan ló bọ́ sọ́wọ́ báńkì, kò lè gbà jù bẹ́ẹ̀ lọ. Àmọ́ tó bá jẹ́ pé onílé ti fi ilé dógò tán kó tó gba ayálégbé sí i, ọ̀rọ̀ yí padà. Ìwé tí onílé fọwọ́ sí ní báńkì sábà máa ń sọ pé kò gbọ́dọ̀ fi ilé náà háyà láìgbàṣẹ. Bí kò bá gbàṣẹ, báńkì lè sọ pé òun ò mọ ayálégbé náà rí.

Ibi tó ti ń dun èèyàn nìyí. Ẹni tó ń wá yàrá kan àti pálọ̀ ní Sùúrùlérè á mú ìwé owó-oṣù wá, á mú onídùúró wá, wọn á bi í bóyá ó ti gbéyàwó, wọn á bi í nípa ìlú tó ti wá. Kó wá bi lánlọ́ọ̀dù pé, "Ẹ jọ̀ọ́ sà, ṣé ilé yìí ò sí lọ́wọ́ báńkì?" Wọn á ní kó lọ gba ilé níbòmíì. Bẹ́ẹ̀ àkọsílẹ̀ wà ní ọ́fíìsì ilẹ̀ ní Aláúsá, Ìkẹjà, níbi tí lọ́yà ti lè wò ó bóyá wọ́n ti fi ilé yáwó. Ayálégbé mélòó ló máa sanwó lọ́yà lórí yàrá kan?

Ti owó ilé ńkọ́? Kí báńkì tó fi ìwé béèrè fún un, onílé ló tọ́ sí. Bí ìwé bá ti dé, tí ayálégbé ṣì lọ san án fún onílé, báńkì lè ní kó tún un san. Ewu tó wà nínú kéèyàn san ọdún méjì lẹ́ẹ̀kan náà nìyẹn: owó ọdún kejì tí àsìkò rẹ̀ ò tíì tó, báńkì lè sọ pé kò kan òun. Òfin ilé gbígbà tí Gómìnà Fashola fọwọ́ sí lọ́dún 2011 kúkú ti ní kí onílé má gbà ju ọdún kan lọ lọ́wọ́ ayálégbé tuntun. Ta ló ń tẹ̀lé e?

Àmọ́ báńkì tó bá ti gba owó ilé, tó já rìsíìtì fún ayálégbé, ti di lánlọ́ọ̀dù nìyẹn. Òfin 2011 yẹn ti dè é. Bí kò bá sí àdéhùn míì, nótíìsì oṣù mẹ́fà ni fún ẹni tó ń san lọ́dọọdún, oṣù kan fún ẹni tó ń san lóṣooṣù. Lẹ́yìn náà ni ti ọjọ́ méje, kó tó gba ilé-ẹjọ́ lọ. Ẹni tó bá fipá lé ayálégbé jáde lè san ìtanràn tó tó 250,000 náírà, tàbí kó ṣẹ̀wọ̀n oṣù mẹ́fà. Òfin náà yọ Àpápá, Ìkòyí, Victoria Island àti GRA Ìkẹjà sílẹ̀ ṣá o, bẹ́ẹ̀ ilé olówó gọbọi tí báńkì fẹ́ràn láti gbà dógò ló kún ibẹ̀.

Bí gbèsè bá wá dé ọwọ́ AMCON, tí ìjọba àpapọ̀ dá sílẹ̀ lọ́dún 2010 láti ra gbèsè tó ti bàjẹ́ lọ́wọ́ àwọn báńkì, ó tún le sí i. Òfin gbà á láyè láti gba àṣẹ sórí ilé láìjẹ́ pé ilé-ẹjọ́ kọ́kọ́ gbọ́ tẹnu ẹni tó jẹ gbèsè. Tí onígbèsè fúnra rẹ̀ ò bá mọ̀, ibo ni ayálégbé fẹ́ ti gbọ́? Ọ̀nà tó kù ni kí lọ́yà ayálégbé tètè lọ bá ilé-ẹjọ́ tó pàṣẹ náà, kó kó rìsíìtì àti ìwé àdéhùn síwájú adájọ́, kó ní kí wọ́n gbọ́ ti oníbàárà òun.

Ní Amẹ́ríkà, òfin tí wọ́n ṣe lọ́dún 2009, tí wọ́n sì sọ di títí láé lọ́dún 2018, ní kí ẹni tó gba ilé fún ayálégbé ní nótíìsì ọjọ́ 90, ó kéré tán.

Ayálégbé tó bá pàdánù ilé l'Ékòó lè pe onílé lẹ́jọ́ kó dá owó oṣù tó ṣẹ́ kù padà, torí òfin ní kó jẹ́ kó gbé inú ilé náà ní àlàáfíà. Ṣùgbọ́n ọkùnrin tí báńkì pẹ̀lú gbogbo lọ́yà rẹ̀ ò rí owó gbà lọ́wọ́ ẹ̀ náà ni òun náà fẹ́ lọ gbowó lọ́wọ́ ẹ̀ o.