Oṣù Mẹ́ta fún Aráàlú, Ọdún Gbọọrọ fún Kóòtù

Bí òṣìṣẹ́ ìjọba bá ṣẹ̀ yín lẹ́nu iṣẹ́ rẹ̀, oṣù mẹ́ta péré ni òfin tó ń dáàbò bo òṣìṣẹ́ ìjọba fún yín láti pè é lẹ́jọ́. Ẹ óò kọ́kọ́ kọ̀wé, ẹ óò bẹ àwọn àgbà kí wọ́n bá yín dá sí i, ọ́fíìsì á ní kí ẹ máa bọ̀ lọ́sẹ̀ tó ń bọ̀. Gbogbo ìyẹn kò dá ọjọ́ dúró. Tí ẹ bá dé kóòtù lẹ́yìn oṣù kẹta, lọ́yà òṣìṣẹ́ náà kò ní wulẹ̀ jiyàn pé irọ́ lẹ pa. Á kàn ní ọjọ́ ti kọjá, ẹjọ́ á sì kú láìgbọ́ ẹlẹ́rìí kankan.

Ìjọba òyìnbó amúnisìn ló gbé òfin yìí kalẹ̀ ní 1916. Irú rẹ̀ tí wọ́n ń lò nílé wọn láti 1893, oṣù mẹ́fà ló fàyè gbà, wọ́n sì fagi lé e ní 1954. Àwa ṣì ń tọ́jú tiwa. Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ yọ àdéhùn iṣẹ́ kúrò lábẹ́ rẹ̀ ní 2019, wọ́n ṣeun, àmọ́ kì í ṣe ọ̀rọ̀ iṣẹ́ nìkan ló ń gbé aráàlú dé kóòtù.

A kò ní kí ẹjọ́ má ní gbèdéke. Ẹlẹ́rìí ń kú, ìwé ń sọnù. Ní Èkó, ọdún mẹ́fà ni ti gbèsè àti àdéhùn, méjìlá ni ti ilẹ̀, kò sì burú. Ohun tó burú ni pé olùpẹjọ́ nìkan ni wọ́n ń ka ọjọ́ fún. Ẹjọ́ kan wà tí wọ́n pe NNPC, ilé-iṣẹ́ epo rọ̀bì ìjọba: ọdún mẹ́tàlá ni wọ́n fi jà lórí bóyá ìwé ìkìlọ̀ tí olùpẹjọ́ kọ́kọ́ kọ bófin mu. Ní 2000, Ilé-Ẹjọ́ Gíga Jùlọ ní ó bófin mu, ó wá dá ẹjọ́ padà sísàlẹ̀ kí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ lọ gbọ́ ọ.

Wọ́n á ní iṣẹ́ pọ̀ jù fún adájọ́. Lẹ́yìn ìbò 2007, ó di October 2010 kí Kayode Fayemi tó gba ipò gómìnà Èkìtì nípasẹ̀ kóòtù, November ọdún náà kí Rauf Aregbesola tó gba ti Ọ̀ṣun. Ó dun àwọn olóṣèlú, wọ́n sì tètè tún òfin ṣe: ọjọ́ 180 fún ẹjọ́ ìbò, 60 fún ẹjọ́ kò-tẹ́-mi-lọ́rùn. Àwọn adájọ́ kan náà ń rí i ṣe.

Kí a má sì ṣe da ti ìbò kọ bó ṣe wà. Bí ọjọ́ 180 bá pé, ẹjọ́ ìbò á kú, ẹni tó ń fà á nílẹ̀ ló sì ń jèrè. Ẹni tó bá tọrọ ìsúnsíwájú láìnídìí ni kó san owó mọ́tò àti owó iṣẹ́ òòjọ́ ẹnìkejì, lójú ẹsẹ̀. Kí wọ́n sì máa gbọ́ àtakò lọ́yà pọ̀ mọ́ ẹjọ́ gan-an.

Òfin oṣù mẹ́ta ti ìjọba àpapọ̀ wà lọ́wọ́ Àbújá, àmọ́ àwọn ìpínlẹ̀ náà ní irú rẹ̀ tiwọn. Ẹ bi aṣòfin àdúgbò yín bóyá ó tilẹ̀ mọ̀ pé ó wà, kí ẹ sì béèrè ọjọ́ tí yóò gbé àbá láti fagi lé e wá síwájú ilé.