Owó Tí À Ń Fi Ránṣẹ́ Sílé Ń Bo Gbèsè Awakọ̀ Mọ́lẹ̀

Oríta Ṣàgámù ní ilẹ̀ Rẹ́mọ, níbi tí títì márosẹ̀ Èkó sí Ìbàdàn ti pàdé èyí tó lọ sí Benin, kì í sinmi. Trélà tó sùn sí Ògèrè, bọ́ọ̀sì tó ń sáré bọ̀ láti Ọ̀rẹ̀, ọ̀kadà tó ń já wọlé láti abúlé, gbogbo wọn ló ń du ọ̀nà. Bí ìjàǹbá bá ṣẹlẹ̀, ilé ìwòsàn Yunifásítì Ọlábísí Ọnàbánjọ ní Ṣàgámù ni wọ́n sábà ń gbé ẹni tó fara pa lọ. Ká tó ṣẹ́jú, ìpè ti dé Lọ́ńdọ̀nù tàbí Houston: ẹsẹ̀ ẹ̀gbọ́n ti kán, ẹ bá wa wá nǹkan ṣe. Owó á sì dé. Mo ń sọ pé owó yẹn, bó ti jẹ́ ìfẹ́ tó, ti sọ àwa ará òkè òkun di ilé iṣẹ́ ìbánigbófò tí kò gba kọ́bọ̀ lọ́wọ́ awakọ̀ kankan, ó sì ń jẹ́ kí ẹni tí gbèsè wà lọ́rùn rẹ̀ máa lọ láìsí ẹni tó bi í.

Òfin kọ́ ni a ò ní. Láti 1945, lábẹ́ ìjọba amúnisìn, ni wọ́n ti ṣòfin pé ọkọ̀ gbọdọ̀ ní ìbánigbófò fún ará ìta tó bá ṣe léṣe. Ní oṣù kìíní 2023, NAICOM, àjọ tó ń bójú tó ìbánigbófò ní Nàìjíríà, gbé owó ìwé ìbánigbófò náà fún ọkọ̀ ara ẹni láti ₦5,000 sí ₦15,000. Ṣùgbọ́n lójú ọ̀pọ̀ awakọ̀, pépà tí wọ́n ń fi han ọlọ́pàá ni, ayédèrú rẹ̀ sì pọ̀ nígboro. Ní ti dídènà ìjàǹbá, Wọlé Ṣóyínká, tí bàbá rẹ̀ jẹ́ ọmọ Ìṣarà Rẹ́mọ, ni alága àkọ́kọ́ àjọ ẹ̀ṣọ́ ojú pópó ti ìjọba àpapọ̀ ní 1988. A ti jà púpọ̀ kí ìjàǹbá má ṣẹlẹ̀. Bó bá wá ṣẹlẹ̀ ńkọ́? Onímọ́tò á kó àgbààgbà àti àwọn ará yúníọ̀nù wá sí tésàn, wọ́n á bẹ̀bẹ̀, wọ́n á fi owó oògùn díẹ̀ sílẹ̀, ẹbí á fọwọ́ síwèé pé ẹjọ́ ti parí. Kò sẹ́ni tó yẹ ìwé ìbánigbófò wò.

Ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ọ̀ranyàn ni ìbánigbófò ọkọ̀ láti 1930. Láti 1946 ni Motor Insurers' Bureau ti ń san owó fún ẹni tí awakọ̀ tí kò níwèé bá gbá; nígbà tó yá, wọ́n fi ẹni tí awakọ̀ tó sá lọ bá gbá kún un. Owó tí àwọn ilé iṣẹ́ ìbánigbófò jọ ń dá ni. Ilé ìwòsàn ìjọba á tọ́jú aláìsàn láìgba owó lọ́wọ́ rẹ̀, ìjọba á sì gba owó ìtọ́jú náà padà lọ́wọ́ ilé iṣẹ́ tó dúró fún awakọ̀ tó jẹ̀bi. Kì í ṣe pé ibẹ̀ mọ́ o. Ẹ̀sùn ọrùn dídùn lẹ́yìn ìjàǹbá ọkọ̀ di òwò fún àwọn kan, títí ìjọba fi gbé gbèdéke kalẹ̀ ní 2021: ọrùn tí kò dùn ju oṣù mẹ́ta lọ, £240 péré ni wọ́n bẹ̀rẹ̀ sí í san lé e. Nítorí náà, ẹni tó bá ń bẹ̀rù pé jìbìtì á gba ọ̀nà yìí wọlé sí Rẹ́mọ kò ṣì í, àmọ́ gbèdéke ni oògùn rẹ̀, kì í ṣe ká má sanwó fún ẹni tí eegun rẹ̀ kán ní tòótọ́.

Àwọn mìíràn á ní òyìnbó ló ń fi owó díwọ̀n ẹ̀jẹ̀, pé tiwa ni ká gbà f'Ọ́lọ́run, torí ẹni tó gbá ọmọ rẹ lónìí lè di àna rẹ lọ́la. N kò rí àléébù nínú ẹ̀bẹ̀. Ẹ̀bẹ̀ ń tu ọkàn lára, kì í to eegun. Ó di ìrẹ́jẹ nígbà tí wọ́n bá fi ojú àgbà mú ẹni tó ṣì wà lórí bẹ́ẹ̀dì láti fọwọ́ síwèé. Ìbánigbófò gan-an ló lè mú ìdáríjì rọrùn: awakọ̀ kò ní ta ọkọ̀ tó fi ń jẹun, ẹni tó fara pa kò sì ní ṣagbe.

Àtakò tó wúwo jù ni pé àwọn ilé iṣẹ́ náà kì í sanwó. Wọ́n ń fi falẹ̀, òótọ́ ni. Ṣùgbọ́n ìwé ọlọ́pàá, nọ́ńbà ọkọ̀ àti rìsíìtì ilé ìwòsàn ni ẹni tó ń béèrè owó nílò, àwọn gan-an ló sì ń kọ́kọ́ pòórá bí wọ́n bá ti parí ọ̀rọ̀ sí tésàn. Ta ló fẹ́ sanwó ohun tí ẹnikẹ́ni ò béèrè? Kí owó lọ lálẹ́ ọjọ́ náà, dókítà kò lè dúró. Kí ẹni tó fi í ránṣẹ́ sì gba àwòrán nọ́ńbà ọkọ̀ àti ti ìwé ìbánigbófò rẹ̀ kó tó gbé fóònù sílẹ̀. Ní ti ọ̀kadà tí kò níwèé àti ọkọ̀ tó sá lọ, òfin ìbánigbófò ti 2003 dá àpò kan sílẹ̀ fún ẹni tí irú awakọ̀ bẹ́ẹ̀ pa tàbí sọ di aláàbọ̀ ara. Òfin tuntun ti gba ipò rẹ̀ ní 2025. Àwọn ẹgbẹ́ ọmọ Rẹ́mọ lókè òkun tó ń dáwó ra bẹ́ẹ̀dì fún ilé ìwòsàn lè kọ̀wé sí NAICOM, kí wọ́n béèrè iye tó jáde nínú àpò yẹn láàárín ọdún méjìlélógún náà, àti iye tó dé ọwọ́ ẹbí kan ní Ìpínlẹ̀ Ògùn.